Ibi tí Ọ̀gá Kò Buwọ́ Lù

Abẹ́ bẹ́ẹ̀dì ló ti fà á jáde. Àpótí onírin kan ló ṣí. Ó gbé Kùránì kúrò lórí, ó gbé ìwé ìbí àwọn ọmọ rẹ̀ kúrò, ó wá kan ọ̀rá kan tí wọ́n ká ní ìká mẹ́rin. Ohun tó wà nínú ọ̀rá náà ló tẹ́ sórí ẹní níwájú mi, ó sì ní kí n kọ́kọ́ nu ọwọ́, torí pé epo ẹ̀wà àti gàrí tí ìyàwó rẹ̀ gbé fún wa kò tíì gbẹ ní ìka mi.

"Àbúrò, wò ó dáadáa. Kí lo rí?"

"Nọ́ńbà ni mo rí, ẹ̀gbọ́n."

"Wo ìsàlẹ̀."

Mo wo ìsàlẹ̀. Bébà náà ti fìgbà kan ní àwọ̀ pínkì. Ní báyìí, ó ti dà bíi tíì tí wàrà pọ̀ jù nínú rẹ̀. Lókè, ẹnì kan ti fi bírò kọ orúkọ ibùdó ìdìbò àti iye èèyàn tó wà nínú ìwé ìforúkọsílẹ̀. Láàárín, orúkọ àwọn mẹ́jọ tó du ipò ààrẹ Gánà lọ́dún 2012 tò tẹ̀ lé ara wọn, wọ́n kọ ìbò ẹnì kọ̀ọ̀kan ní nọ́ńbà, wọ́n tún kọ ọ́ ní ọ̀rọ̀. Lẹ́yìn èyí ni orúkọ àwọn aṣojú ẹgbẹ́ òṣèlú, oníkálukú pẹ̀lú ìbuwọ́lù tirẹ̀. Ti ẹ̀gbọ́n yìí ní ìrù gígùn bí ìrù ológbò. Nísàlẹ̀ pátápátá ni orúkọ ọ̀gá ibùdó náà wà. Déètì wà níbẹ̀. Ìlà tó yẹ kí ó buwọ́ lù wà níbẹ̀ pẹ̀lú, kò sí nǹkan kan lórí rẹ̀.

"Gbogbo wa la buwọ́ lù ú," ó ní. "Ọ̀gá nìkan ló gbàgbé. Èmi náà ò sì wò ó."

Pínkì ṣíìtì ni tọmọdé tàgbà ń pe bébà èsì ìbò yìí ní Gánà. Fún oṣù mẹ́jọ gbáko, láti òpin ọdún 2012 títí di òpin oṣù kẹjọ ọdún 2013, irú ìlà tó ṣófo bẹ́ẹ̀ wà lára ohun tí wọ́n fẹ́ fi yọ ààrẹ lórí àga. Èrò mi ni pé kò sí ẹjọ́ ìbò kan ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfíríkà tó kọ́ àwọn ará ìlú ní ẹ̀kọ́ tó èyí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹni tó pè é kò jàre. Abẹ́ igi àti inú kíláàsì iléèwé ni ẹjọ́ náà ti ṣẹ̀ wá. Ibẹ̀ náà ló sì padà sí.

Sawaba ni a wà, ní apá Asokore Mampong nílùú Kumasi. Ìdẹ̀rùn ni ọ̀rọ̀ náà túmọ̀ sí lédè Haúsá. Òun àti Asawase àti Aboabo jọ pààlà, Zongo, àdúgbò àwọn àlejò, sì ni gbogbo rẹ̀: Haúsá, Dàgómbà, Mòsí, Wángárà àti Yorùbá, ilé kan fẹ̀yìn ti ìkejì, ewúrẹ́ ń kọjá láàárín. Ilé ẹgbẹ́ òṣèlú NPP ni Kumasi láti ọjọ́ tó ti pẹ́. Ṣùgbọ́n bí erin tó jẹ́ àmì NPP bá ń jẹ̀ ní gbogbo ìlú náà, agboòrùn tó jẹ́ àmì NDC, ẹgbẹ́ tó ń bá a du ipò, ló ń ṣí ní ẹkùn Asawase. Láti ọdún 2005 ni Muntaka Mubarak ti ń ṣojú wọn nílé ìgbìmọ̀ aṣòfin. Nítorí náà, ọjọ́ tí apá kan Kumasi bá ń jó, ó ṣeé ṣe kí Sawaba ti ilẹ̀kùn mọ́rí, bó bá sì di ọjọ́ kejì kí ó yí padà.

Ẹ̀gbọ́n yìí kò jẹ́ kí n mọ ẹgbẹ́ tó rán an níṣẹ́ lọ́jọ́ ìdìbò náà. "Má kọ orúkọ mi, má kọ orúkọ ẹgbẹ́ mi. Ọmọ Alata ni mí." Alata ni àwọn Akan ń pe Yorùbá, òun náà ló wà nínú alata samina, orúkọ tí wọ́n sọ ọṣẹ dúdú tiwa. Ìbẹ̀rù tó wà nínú ọ̀rọ̀ rẹ̀ ní ìdí. Ọjọ́ kejìdínlógún oṣù kọkànlá ọdún 1969, ìjọba Kofi Busia pàṣẹ pé kí àjèjì tí kò bá ní ìwé ìgbélùú fi Gánà sílẹ̀ láàárín ọ̀sẹ̀ méjì. Yorùbá tó ti bí ọmọ bí ọmọ-ọmọ sí Kumasi di ẹrù sórí lọ́rì, ọ̀pọ̀ wọn gba Ògbómọ̀ṣọ́ àti Ọ̀ffà lọ, ìlú tí àwọn ọmọ wọn kò fojú rí rí. Bàbá ẹ̀gbọ́n yìí wà lára wọn; ìyá rẹ̀ tó jẹ́ ọmọ ilẹ̀ Gánà ló jẹ́ kí wọ́n rọ́nà padà. (Ọdún kẹrìnlá rẹ̀ ni Nàìjíríà náà lé àwọn ọmọ Gánà lọ, tí àpò onílà yẹn fi gba orúkọ tí a ń pè é títí dòní. A ò lẹ́nu ọ̀rọ̀.) Ìbò ọjọ́ kọkàndínlọ́gbọ̀n oṣù kẹjọ ọdún 1969 ló gbé Busia wọlé. Ẹ fi déètì yẹn sọ́kàn.

Kumasi gan-an ni ọ̀rọ̀ ìbuwọ́lù ọdún 2012 ti kọ́kọ́ jẹyọ. Ààrẹ John Atta Mills ti NDC kú lórí oyè lọ́jọ́ kẹrìnlélógún oṣù keje ọdún náà, igbákejì rẹ̀ John Dramani Mahama sì jókòó sí àyè rẹ̀. Ìdìbò ku oṣù mẹ́rin àti díẹ̀. Nana Akufo-Addo ti NPP ti ṣe tán láti gba ohun tó bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ lọ́dún 2008, nígbà tí Mills fi ìbò 40,586 péré ta á yọ. Ọkàn àwọn àgbà kò balẹ̀. Lọ́jọ́ kẹtàdínlọ́gbọ̀n oṣù kọkànlá, Ìgbìmọ̀ Àlàáfíà àti ààfin Manhyia kó àwọn olùdíje jọ sí Kumasi, níwájú Asantehene Otumfuo Osei Tutu Kejì, wọ́n sì tọwọ́ bọ ìwé pé ẹni tí inú rẹ̀ kò bá dùn sí èsì yóò gba ilé ẹjọ́ lọ, kò ní gba ìgboro.

Wọ́n dìbò lọ́jọ́ keje oṣù kejìlá. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyí tí ẹ̀rọ yóò máa ka ìtẹ̀ka kí olùdìbò tó gba bébà, òfin náà kò sì ní gbẹ̀rẹ́: bí ẹ̀rọ kò bá dá ọ mọ̀, o kò ní dìbò. Bátìrì kú níbì kan, ẹ̀rọ kọ ìka àgbẹ̀ tó ti bó níbòmíràn, wọ́n sì ní láti tẹ̀síwájú lọ́jọ́ kejì ní àwọn ibùdó tí ọ̀rọ̀ kàn. Olóyè Olúṣẹ́gun Ọbásanjọ́ ló ṣáájú àwọn alámòójútó tí ECOWAS rán wá, wọ́n sì ní gbogbo rẹ̀ lọ wọ́ọ́rọ́wọ́. Lọ́jọ́ kẹsàn-án, Dókítà Kwadwo Afari-Gyan, tó ti ń darí àjọ elétò ìdìbò láti ọdún 1993, kéde pé Mahama ní 5,574,761, Akufo-Addo ní 5,248,898. Ìdá 50.70 nínú ọgọ́rùn-ún, ìdá 47.74.

Ẹ dúró díẹ̀ sórí 50.70 yìí. Òfin Gánà ní kí ẹni tó máa jẹ ààrẹ gba ju ìdajì gbogbo ìbò lọ. Bí kò bá rí i, àwọn méjì àkọ́kọ́ á padà sójú pápá. Ìbò tí Mahama fi kọjá ìdajì kò ju nǹkan bí 77,000 lọ. Bí a bá rí ibùdó tí a lè wọ́gi lé ìbò wọn tó pọ̀ tó, ìdá 0.70 yẹn á yọ́ bí òrí nínú oòrùn. Orí ìṣirò yìí ni ẹjọ́ dúró lé.

Ìwé òfin 1992 fún ẹni tó bá fẹ́ takò ìkéde náà ní ọjọ́ mọ́kànlélógún. Ọjọ́ kejìdínlọ́gbọ̀n oṣù kejìlá ni Akufo-Addo, Mahamudu Bawumia tí wọ́n jọ díje, àti alága ẹgbẹ́ wọn Jake Obetsebi-Lamptey, gbé ìwé dé ilé ẹjọ́ gíga jùlọ ní Accra. Ibùdó 4,709 ni wọ́n kọ́kọ́ bá wí. Kò pẹ́, wọ́n tún un kọ, ó fò kọjá 11,000, nínú 26,002 tó wà ní gbogbo Gánà. Nígbà tí ọ̀rọ̀ fi máa parí, ó ti padà sí 10,119. Ẹni tó bá ti tà lọ́jà rí mọ̀ pé bí oníbàárà bá ń yí iye tó jẹ ọ́ padà ní ìgbà mẹ́ta, onídàájọ́ á bẹ̀rẹ̀ sí í fojú kan wò ó. Èyí ṣe wọ́n ní jàǹbá ju bí wọ́n ṣe gbà lọ.

Mahama ti búra lọ́jọ́ keje oṣù kìíní. NPP kò yọjú síbẹ̀. Oṣù kẹrin ni ìgbẹ́jọ́ gbérasọ níwájú adájọ́ mẹ́sàn-án tí William Atuguba ṣáájú wọn. Wọ́n sì ṣe ohun tí kò ṣẹlẹ̀ rí: wọ́n gbé ẹ̀rọ tẹlifíṣọ̀n wọ inú kóòtù.

Ẹ̀gbọ́n ní bí eré bọ́ọ̀lù ló ṣe rí ní Sawaba. Tẹlifíṣọ̀n kan ní ojúbọ̀ ilé, bẹ́ńṣì mẹ́ta, àwọn tí kò rí àyè jókòó fara ti ògiri. Ẹni tí kò ka ìwé kọjá aláàkọ́bẹ̀rẹ̀ ń sọ̀rọ̀ lórí abala kọkàndínláàádọ́ta ìwé òfin. Wọ́n mọ àwọn agbẹjọ́rò bí ẹni mọ agbábọ́ọ̀lù: Philip Addison fún àwọn olùpẹ̀jọ́, Tony Lithur fún Mahama, Quarshie-Idun fún àjọ elétò ìdìbò, Tsatsu Tsikata fún NDC, èyí tó ti fìgbà kan jẹ́ olùkọ́ òfin ní Yunifásítì Gánà, tó ń béèrè ọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́ bí olùkọ́ tó mọ̀ pé akẹ́kọ̀ọ́ kò ka ìwé.

Bawumia, onímọ̀ ọrọ̀ ajé tó ti ṣe igbákejì gómìnà báńkì àpapọ̀, ló jẹ́rìí fún àwọn olùpẹ̀jọ́. Ọjọ́ lórí ọjọ́ ló lò nínú àpótí ẹlẹ́rìí. Bí wọ́n bá bi í pé báwo ló ṣe mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ ní ibùdó báyìí báyìí, èsì kan náà ni: èmi àti ẹ̀yin ò sí níbẹ̀, ojú pínkì ṣíìtì ni ẹ̀rí wà. Ó sọ ọ́ títí ó fi di ẹ̀fẹ̀. Bí ìyàwó bá bi ọkọ pé ta ló jẹ ẹran inú ìkòkò, èmi àti ìwọ ò sí níbẹ̀.

Ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ gidi wà nínú ẹ̀fẹ̀ náà. Bawumia kò mú ẹnì kan wá tó ní òun rí ẹni tó da ìbò sínú àpótí. Bébà ló mú wá. Ó ní: níbí, iye ìbò ju iye bébà tí wọ́n fún èèyàn lọ, níhìn-ín, ìwé fúnra rẹ̀ sọ pé àwọn kan dìbò láìjẹ́ pé ẹ̀rọ ka ìtẹ̀ka wọn, ní ọ̀hún, ọ̀gá kò buwọ́ lù ú, níbòmíràn, nọ́ńbà ìdánimọ̀ ṣíìtì méjì jọra. Pé ìwé lè jẹ́rìí nígbà tí èèyàn kò sí, ìyẹn ni gbogbo ẹjọ́ rẹ̀.

Afari-Gyan ló wá dáhùn lórí ìwé náà, mo sì fẹ́ kí a wo ibì kan péré níbẹ̀, torí pé òun ni kókó ọ̀rọ̀. Àlàfo kan wà lórí pínkì ṣíìtì tí wọ́n ń pè ní C3. Ìbéèrè rẹ̀ ni pé èèyàn mélòó ló dìbò nípa fọ́ọ̀mù pàtàkì kan dípò ẹ̀rọ. Afari-Gyan ní àjọ ti ṣètò fọ́ọ̀mù náà fún àwọn tí orúkọ wọn sọnù. Àwọn ẹgbẹ́ òṣèlú kọ̀ jálẹ̀, wọ́n ní ẹ̀rọ ni kí gbogbo èèyàn gbà. Àjọ sì fagi lé e. Àmọ́ wọ́n ti tẹ ṣíìtì jáde. Wọ́n sọ fún àwọn òṣìṣẹ́ pé kí wọ́n má kọ nǹkan kan síbẹ̀. Àwọn kan gbọ́. Àwọn kan kò gbọ́, wọ́n rí àlàfo, wọ́n sì kọ nọ́ńbà sí i, bí gbogbo wa ti ń ṣe bí a bá rí àlàfo nínú fọ́ọ̀mù. Nọ́ńbà yẹn di ẹ̀rí pé ẹgbẹẹgbẹ̀rún dìbò láìtẹ̀ka. Nípa nọ́ńbà tó jọra, ó ní ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n tẹ ṣíìtì náà, torí pé nígbà tí wọ́n ń tẹ̀ ẹ́, wọn kò tíì mọ iye olùdíje.

Ṣé mo gbà á gbọ́? Mo gbà á gbọ́ lórí C3. Mo ti rí òṣìṣẹ́ ìdìbò ní aago méje alẹ́, tó ti wà lórí ìdúró láti aago márùn-ún òwúrọ̀, tí ẹnì kan ń tan iná fóònù sí i lórí, tí ogún èèyàn ń pariwo sí i létí. Ẹni náà á kọ ohunkóhun síbi tó bá ṣófo. Ohun tó ń bí mi nínú ni pé agbára ìjọba odidi orílẹ̀-èdè wà lọ́wọ́ ẹni tó rẹ̀ tó bẹ́ẹ̀, kò sì sí ẹni tó jókòó tì í tó ń ka ìwé náà tẹ̀ lé e.

Ẹnu tún fẹ́ dá wàhálà sílẹ̀ níta kóòtù. Atuguba kìlọ̀ fún àwọn oníròyìn àti olóṣèlú pé wọ́n ti dé orí ìlà, ìlà ẹ̀gbẹ́ pápá bọ́ọ̀lù ló lò, ó sì yé gbogbo èèyàn. Ẹni tó kọ́kọ́ fẹsẹ̀ kọjá ìlà náà rí i. Stephen Atubiga ti NDC lọ ẹ̀wọ̀n ọjọ́ mẹ́ta, Ken Kuranchie, olóòtú ìwé ìròyìn Daily Searchlight, lọ ọjọ́ mẹ́wàá, akọ̀wé àgbà NPP, Kwadwo Owusu Afriyie tí wọ́n ń pè ní Sir John, sì san owó ìtanràn 5,000 sídì. Ẹ̀gbọ́n ní lẹ́yìn ìgbà yẹn ni àwọn ọmọkùnrin orí bẹ́ńṣì bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ ohùn sílẹ̀, bí ẹni pé Atuguba lè gba inú tẹlifíṣọ̀n gbọ́ wọn.

Òun kò pariwo ní tirẹ̀. Láti ọjọ́ tó ti gbọ́ pé ìbuwọ́lù wà lára ẹjọ́ ló ti yọ bébà tirẹ̀ wò. Kò sọ fún ẹnikẹ́ni. "Ojú ọ̀nà mọ́sáláṣí ni mo ti ń pàdé wọn. Ìyá tó ń ta wáákyé, ọmọ tó ń tún kẹ̀kẹ́ ṣe, àwọn ni wọ́n tò láti ìdájí. Mo ń kí wọn, mo ń rò ó pé bí wọ́n bá mú ṣíìtì yìí, gbogbo ìbò wọn á lọ, erin ni o, agboòrùn ni o. Torí pé èmi tí wọ́n fi síbẹ̀ kò wo ìlà kan."

Ìbéèrè tí àwọn adájọ́ jókòó tì nìyẹn, bí ẹ̀gbọ́n ṣe sọ ọ́ yìí ló sì rọrùn jù fún mi láti fi gbọ́ ọ. Abala kọkàndínláàádọ́ta pa á láṣẹ pé kí ọ̀gá ibùdó buwọ́ lu èsì níbẹ̀ kí ó tó kéde rẹ̀. Kò ní bóyá, kò ní bó bá rántí. Ṣùgbọ́n abala kejìlélógójì fún ọmọ onílẹ̀ tó ti pé ọdún méjìdínlógún ní ẹ̀tọ́ láti dìbò. Bí òṣìṣẹ́ bá ṣẹ̀ sí ti àkọ́kọ́, ṣé olùdìbò ni kí ó fi ti èkejì jìyà?

Ọjọ́ kọkàndínlọ́gbọ̀n oṣù kẹjọ ọdún 2013 ni ìdájọ́ bọ́ sí. Ọdún mẹ́rìnlélógójì géérégé sí ọjọ́ tí ìbò gbé Busia wọlé. N kò rí ẹni tó sọ ọ́ lórí tẹlifíṣọ̀n, àmọ́ àwọn baba tó jókòó ní Zongo kò gbàgbé. Ṣọ́ọ̀bù tì. Atuguba ka ìdájọ́ náà láàárín ìṣẹ́jú mélòó kan: wọ́n dá ẹjọ́ nù, Mahama ni ààrẹ. Lórí nọ́ńbà tó jọra àti irú rẹ̀, ẹnu gbogbo adájọ́ kò. Lórí ìbò tó pọ̀ jù, ìtẹ̀ka àti ìbuwọ́lù, wọ́n pín, àwọn tó pọ̀ jù ní kí a má fi ẹ̀ṣẹ̀ òṣìṣẹ́ gba ìbò lọ́wọ́ ará ìlú, pàápàá níbi tí àwọn aṣojú ẹgbẹ́ fúnra wọn ti buwọ́ lu èsì. Julius Ansah, Rose Owusu àti Anin Yeboah kò bá wọn lọ.

Mo fara mọ́ àwọn tó pọ̀ jù. Síbẹ̀, ọ̀rọ̀ àwọn mẹ́ta yẹn ń gún mi. Bí a bá ní gbogbo àṣẹ tí òṣìṣẹ́ kò tẹ̀ lé kò ní ìjìyà, ta ni yóò tẹ̀ lé e nígbà mìíràn?

Lọ́jọ́ náà gan-an, Akufo-Addo jáde, ó ní òun kò gbà pẹ̀lú ìdájọ́ náà ṣùgbọ́n òun tẹ́wọ́ gbà á, òun kò sì ní béèrè àtúnyẹ̀wò. Ó kí Mahama kú oríire. Kumasi, tó ti dì bí amọ̀, sùn lálàáfíà.

Fún àwa tó wá láti Nàìjíríà tí a ń wo èyí, ìjọlójú ni. A kò gbàgbé ìbò ààrẹ ọdún 1979, nígbà tí ìdá méjì nínú ìdá mẹ́ta ìpínlẹ̀ mọ́kàndínlógún di méjìlá àti díẹ̀, tí wọ́n gé Kano sí wẹ́wẹ́ bí ẹran ìléyá kí Shagari lè rí tirẹ̀ gbà. Ọjọ́ kẹrìndínlọ́gbọ̀n oṣù kẹsàn-án ni ilé ẹjọ́ gíga jùlọ dá ẹjọ́ Awólọ́wọ̀ nù. Adájọ́ Káyọ̀dé Ẹ̀ṣọ́ nìkan ló tì í lẹ́yìn. Ọjọ́ márùn-ún lẹ́yìn rẹ̀ ni àwọn ológun gbé ìjọba sílẹ̀. Àwọn baba wa ṣì ń ṣe ìṣirò yẹn lórí ọtí. Ní Ọ̀ṣun, ìbò gómìnà oṣù kẹrin ọdún 2007, oṣù kọkànlá ọdún 2010 ni kóòtù tó sọ pé Arẹ́gbẹ́ṣọlá ló ni ín. Lọ́dún 2023, Atiku àti Obi tí wọ́n pẹjọ́ ta ko èsì ìbò ààrẹ bẹ ilé ẹjọ́ pé kí wọ́n gbé ìgbẹ́jọ́ sórí tẹlifíṣọ̀n, wọ́n ní rárá. Ìdájọ́ nìkan ni a fojú rí. A gbọ́ ohun tí wọ́n dá, a kò rí bí wọ́n ṣe dé ibẹ̀.

Àwọn mìíràn sì wà nílẹ̀ Áfíríkà tó gba ọ̀nà tó jìn ju ti Gánà lọ. Ilé ẹjọ́ Kẹ́ńyà fagi lé ìbò ààrẹ lọ́jọ́ kìíní oṣù kẹsàn-án ọdún 2017. Ti Màláwì tẹ̀ lé e ní oṣù kejì ọdún 2020, níbi tí wọ́n ti rí ìwé èsì tí wọ́n fi ọ̀dà funfun pa nọ́ńbà rẹ́. Bébà náà ni, níbi gbogbo.

Gánà yára tún ilé ṣe. Lọ́dún 2016, wọ́n yí òfin kóòtù padà kí ẹjọ́ ààrẹ má baà kọjá ọjọ́ méjìlélógójì mọ́, wọ́n sì tún pínkì ṣíìtì fúnra rẹ̀ ṣe. Ọdún yẹn kan náà ni Akufo-Addo fi nǹkan bí mílíọ̀nù ìbò kan ṣẹ́gun Mahama, Mahama sì gbà.

Ní 2020, aṣọ yí padà lára wọn. Wọ́n kéde Akufo-Addo ní 51.59, Mahama ní 47.36. Jean Mensa, tó ń darí àjọ elétò ìdìbò nígbà yẹn, ṣi nọ́ńbà kan sọ lójú gbogbo ayé lọ́jọ́ kẹsàn-án oṣù kejìlá, ó sì ní láti tún un ṣe lọ́jọ́ kejì. Lọ́tẹ̀ yìí, Mahama ló wá gbé ìwé lọ sí kóòtù. Tsikata tó gbèjà èsì lọ́dún 2013 ni agbẹjọ́rò rẹ̀. Johnson Asiedu Nketiah, tó jẹ́rìí fún NDC nígbà tí wọ́n ń jẹ́jọ́, ló tún jẹ́rìí fún wọn nígbà tí wọ́n pẹjọ́. Anin Yeboah, tó ti wà pẹ̀lú olùpẹ̀jọ́ lọ́dún 2013, ti di adájọ́ àgbà, òun ló sì jókòó sórí ẹjọ́ náà. Bí ẹni pé wọ́n tún eré kan ṣe, tí àwọn òṣèré pààrọ̀ ipa.

Ẹlẹ́rìí Mahama méjì mìíràn ní Jean Mensa ló sọ fún àwọn pé kí àwọn lọ bá Mahama sọ̀rọ̀, àwọn ṣì wà lójú ọ̀nà nígbà tó kéde èsì. Mensa kò wọ àpótí ẹlẹ́rìí; àwọn adájọ́ méjèèje ní kò sí ẹni tó lè fipá mú un. Èyí dun ọ̀pọ̀ èèyàn, ó dun èmi náà, torí Afari-Gyan jókòó síbẹ̀ lọ́jọ́sí, wọ́n bi í, ó dáhùn. Àmọ́ bí a bá fẹ́ sọ òótọ́, Mahama kò kó pínkì ṣíìtì wá bí Bawumia ti ṣe. Kò gbé iye tirẹ̀ kalẹ̀ pé èyí ni mo ní. Lọ́jọ́ kẹrin oṣù kẹta ọdún 2021, gbogbo wọn fẹnu kò, wọ́n dá a nù. Ẹni tó ní wọ́n jí òun lówó ní láti mọ iye tó wà nínú àpò rẹ̀.

NDC gbọ́ ọ̀rọ̀ yẹn, ó sì dùn wọ́n. Nígbà tí ọjọ́ keje oṣù kejìlá ọdún 2024 fi máa pé, àwọn aṣojú ẹgbẹ́ méjèèjì ti ń fi fóònù ya pínkì ṣíìtì kí tádàwà tó gbẹ. Kí ilẹ̀ ọjọ́ kejì tó mọ́ tán, oníkálukú ti mọ ohun tó ní. Bawumia ni olùdíje NPP, Bawumia kan náà. Òwúrọ̀ ọjọ́ kẹjọ, kí àjọ elétò ìdìbò tó kéde nǹkan kan, ó pe Mahama, ó sì jáde sọ pé ìbò ti lọ. Kò sí ẹjọ́ ààrẹ lọ́dún náà. Ìjà bọ́ sí ọ̀rọ̀ àwọn aṣòfin. Ní Ablekuma North ní Accra, ṣíìtì ibùdó mélòó kan dá wàhálà tí ẹkùn náà kò fi ní aṣojú fún ohun tó lé ní oṣù mẹ́fà, títí wọ́n fi tún ìbò dì ní ibùdó mọ́kàndínlógún lọ́jọ́ kọkànlá oṣù keje ọdún 2025.

Ẹ̀gbọ́n tún ṣe aṣojú lọ́dún 2024. Ó ní òun ra bírò mẹ́ta lọ́jà Asawase lọ́jọ́ tó ṣáájú, òun dán wọn wò lórí páálí, òun fi méjì sápò, òun fi ọ̀kan há etí. Wọ́n ka ìbò tán bí aago mẹ́fà kọjá. Ọ̀gá ibùdó ọdún náà, ọmọbìnrin olùkọ́ kan, kọ nọ́ńbà, ó kọ ọ̀rọ̀, ó fi bébà ránṣẹ́ yípo, àwọn aṣojú buwọ́ lù ú. Ó wá fẹ́ kó ẹrù rẹ̀.

"Mo ní, Madam, ẹ jọ̀ọ́, ẹ dákun. Ó ní kí ló dé? Mo fi ìka sí ìlà náà. Ó wò ó, ó wò mí. Ó ní bírò òun ti dá. Mo yọ tèmi létí."

Ó bẹ̀rẹ̀ sí í ká ọ̀rá náà padà, ní ìká mẹ́rin, lórí ojú ìlà tó ti là tẹ́lẹ̀. Mo bi í pé ti 2024 ńkọ́, ibo ló wà. Ó ní òun kò tọ́jú ìyẹn.